Ẹja Sámọ́nì Tí Mo Fi Iyọ̀ àti Ọsàn Wẹ́wẹ́ Fọ̀

Rumuokoro, Port Harcourt
Ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn ìsìn

Rẹ́nikẹ́ mi, Àbẹ̀kẹ́ mi, ọmọ tí mo pọ̀n káàkiri gbogbo Rumuokoro yìí,

Jókòó kí o tó ka èyí. Èmi tí mo ń kọ ọ́ gan-an, ara mi kò tíì balẹ̀. Láti ọjọ́ tí o ti kó ẹrù rẹ kúrò nílé ni ẹnu ti ń yà mí, kò sì tíì padé. Bàbá rẹ ní kí n pè ọ́ lórí fóònù. Mo ní n kò pè. Tí mo bá pè, wàá ní, "Ẹ káàsán mà, ara mi le mà, ẹ bá mi kí Dádì mà," wàá sì pa fóònù. Mà, mà, mà, bí ẹni ń bá olùkọ́ sọ̀rọ̀. Ìgbà wo ni mo di mà fún ọ? Mo ti jẹ́ Mọ́mì láti ọjọ́ tí o ti mọ ọ̀rọ̀ sọ.

Nítorí náà mo jókòó sí ìdí tábìlì kíṣìnì, mo sì ń kọ ọ́ bí mo ṣe máa ń kọ nǹkan sílẹ̀ nígbà tí mo wà lọ́mọdébìnrin, tí inú bá ń bí mi sí gbogbo ayé tí n kò rí ẹni sọ ọ́ fún. O mọ̀ pé n kò parí sẹ́kọ́ńdírì. Fọ́ọ̀mù mẹ́ta ni ìwé mi dá dúró sí. Tí o bá rí àṣìṣe, fò ó kọjá. Má fi bíró pupa yí i.

O ti ríṣẹ́. Alásè ni ọmọ mi, ní ilé oúnjẹ Madam ní Mgbuoba, níbi tí àwọn tó wọ bàtà tó ń dán ti ń jẹun. Ẹnu bàbá rẹ ni mo ti gbọ́ ọ. Èmi tí mo bí ọ, mo gbọ́ ọ bí ẹni gbọ́ ọ nínú rédíò. Mo kọ́kọ́ jó. Lẹ́yìn náà mo wọ yàrá lọ, mo sunkún. Má bi mí pé èwo ni mo fi ọkàn ṣe nínú méjèèjì. Méjèèjì ni.

Òbí máa ń gba ọmọ nímọ̀ràn tó bá bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ tuntun. Mo ní ìmọ̀ràn. Ṣùgbọ́n n kò lè bẹ̀rẹ̀ bí ẹni pé kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀. Jẹ́ kí n sọ bí ọ̀rọ̀ ẹja yẹn ṣe rí lójú tèmi, nítorí mo rò pé ojú tìrẹ nìkan lo ti rí i.

Ọjọ́ Jímọ̀ yẹn, o gbé ẹja wọlé nínú kúlà kékeré. O ní Madam ló fún ọ, pé kí o lọ fi èlò pa á lára, kó sùn mọ́jú, kí o wá sè é níwájú òun lọ́sàn-án Sátidé. Tó bá tẹ́ òun lọ́rùn, o ti wọlé. Tí kò bá tẹ́ ẹ lọ́rùn, ẹlòmíràn wà nílẹ̀ tó ń dúró. O ní sámọ́nì ni orúkọ ẹja náà, pé bí àwọn ará Jàpáànù ṣe ń sè é lo fẹ́ sè é. Èmi, títù ni mo mọ̀. Kòtè ni mo mọ̀. Pánla ni mo mọ̀. Mo wo ara ẹja náà tó pọ́n bí ìbẹ́pẹ tó jinná, mo ní, "Rẹ́ni, ẹ̀jẹ̀ nìyí?"

O rẹ́rìn-ín. O ní, "No be blood, Mọ́mì. Na so him body be."

O wá wọ kíṣìnì lọ, o sì ti ilẹ̀kùn. Ó dùn mí pé o ti ilẹ̀kùn. Mo fẹ́ kí o mọ̀. Nínú kíṣìnì mi.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, o lọ sí ọjà lọ wá àlùbọ́sà eléwé. Wọ́n ti mú iná lọ kí a tó jí. Mo ṣí fíríìjì kí n mú omi. Yéè! Òórùn kan gbá mi nímú. Mo ṣí ìdérí ike rẹ, mo rí ẹja Madam, nǹkan pọ́tọ̀pọ́tọ̀ aláwọ̀ ilẹ̀ ti bò ó láti orí dé ìdí, ó ń rùn bí nǹkan tó ti kan. Mo ní, iná ti pa wá! Iná ti ba ẹja ọmọ mi jẹ́! Ẹja Madam! Iṣẹ́ ọmọ mi!

Ohun tí mo fẹ́ kí o gbọ́ nìyí, Rẹ́ni. Kì í ṣe pé mo fẹ́ dán ọ wò. Kì í ṣe pé mo fẹ́ fi hàn ọ́ pé èmi ni mo ni kíṣìnì. Ẹ̀rù ló bà mí. Mo rò pé wàá dé, wàá rí i pé ó ti bàjẹ́, wàá sì bú sẹ́kún. Mo ní ọmọ mi kò ní sunkún lónìí. Mo ṣe ohun tí ìyá mi kọ́ mi ní Ìkàrẹ́, ohun tí gbogbo obìnrin tó mọ iṣẹ́ ń ṣe fún ẹja tó bá fẹ́ yí orí padà. Mo gbé omi kaná. Mo da iyọ̀ sí i. Mo fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí i. Mo fọ ẹja yẹn léraléra títí ara rẹ̀ fi funfun. Mo ń fọ̀ ọ́, mo ń gbàdúrà. Mo fi àlùbọ́sà, táímù àti magí bọ̀ ọ́. Mo wá dín in nínú òróró gbígbóná, mo dín in gbẹ, débi pé tí o bá fi fọ́ọ̀kì kàn án, ó ń dún kó, kó, kó. Mo tò ó sínú àwo àlejò, mo fi aṣọ funfun bò ó, mo jókòó tì í. Mo ń dúró kí o wá dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Gbà mí gbọ́. Mo ti ń múra bí mo ṣe máa sọ pé kò tó nǹkan.

O wọlé. O ń kọrin. O ṣí fíríìjì.

"Mọ́mì, who touch my fish?"

Mo ní, "Fọkàn balẹ̀. Ìyá rẹ ti yọ ọ́ nínú ewu." Mo sì ká aṣọ funfun náà.

N kò tíì rí ojú ènìyàn tó kú báyẹn rí. O wo ẹja. O wò mí. O jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ kíṣìnì, pẹ̀lú àlùbọ́sà eléwé lọ́wọ́ rẹ.

"Mọ́mì, you don finish me."

"Finish ọ báwo? Ẹja tó ti ń kan!"

"Kò kan! Mísò ni!"

"Ta ló ń jẹ́ Mísò? Ṣé òun ló ba ẹja jẹ́ ni?"

Bàbá rẹ tó wà ní pálọ̀ rẹ́rìn-ín. Ìwọ kò rín. Ìgbà yẹn lo wá sọ ọ̀rọ̀ tó wọ inú egungun mi lọ. O kò pariwo. Ì bá sàn kí o pariwo. O ní, "Gbogbo ohun tí mo bá fọwọ́ kàn, ẹ máa ń fọ̀ ọ́. Ẹ máa ń fọ̀ ọ́ títí kò fi ní jẹ́ tèmi mọ́."

Mo ní ìsọkúsọ ni. Mo ní ọmọ aláìmoore. Mo sọ púpọ̀. Ṣùgbọ́n Rẹ́ni, bí mo ṣe ń sọ ọ́ ni mo rí ìrẹsì yẹn lójú ọkàn mi. O ti gbàgbé? O kò gbàgbé. O kéré nígbà náà, o ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gun àpótí dé ìdí sítóòfù. O fi omi àgbọn àti ewé tíì se ìrẹsì fún wa kí a tó ti ibi iṣẹ́ dé. Mo tọ́ ọ wò, mo ní kí nìyí, ìrẹsì aláìsàn? Mo dà á sínú asẹ́, mo ṣí omi lé e lórí, mo fọ gbogbo omi àgbọn yẹn kúrò, mo tún un sè pẹ̀lú ata. O jẹ ẹ́ láìsọ̀rọ̀. Mo rò pé ó dùn mọ́ ọ ni.

Ó yà mí lẹ́nu pé mo rántí rẹ̀. Ó yà mí lẹ́nu jù pé ìwọ náà ti ń gbé e kiri láti ìgbà yẹn.

Ó dáa. Ìmọ̀ràn wá.

Èkíní. Ohun tí o kò bá mọ̀, béèrè kí o tó fọwọ́ kàn án. Má rẹ́rìn-ín, mo mọ ẹni tó ń sọ ọ́. Ṣùgbọ́n mo ti jìyà ẹ̀ rí kí n tó bí ọ. Nígbà tí iṣẹ́ ọlọ́pàá gbé bàbá rẹ wá síbí, oyún rẹ wà nínú mi, n kò mọ ẹnì kankan, n kò gbọ́ èdè kankan. Bàbá rẹ ní àwọn ọ̀gá òun ń bọ̀ wá jẹun. Mo rí i pé ìṣáwùrú inú odò ni gbogbo ènìyàn fi ń se ọbẹ̀ níbí, tìkarahuntìkarahun. Mo ní kí ló le níbẹ̀? Mo rà á, mo fọ̀ ọ́, mo dà á sínú ọbẹ̀ lódindi. Ìyàwó ilé kejì wà níbẹ̀, ọmọ Ikwerre, ó ń wò mí láti ẹnu ọ̀nà. Ó fẹ́ sọ̀rọ̀. Mo kọ ẹ̀yìn sí i. Mo rò pé ó fẹ́ fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni.

Àwọn ọ̀gá jókòó. Wọ́n gbé ìṣáwùrú sẹ́nu, wọ́n fà. Kò jáde. Wọ́n tún fà. Ṣùùù! Ṣùùù! Gbogbo pálọ̀ ń dún bí ìgbà tí táyà ń jò. Ojú ọ̀gá kan pọ́n, iṣan yọ lọ́rùn rẹ̀. Ó wá gbé ẹyọ kan sókè sí iná, ó wò ó, ó ní, "Madam, you no cut the yansh?"

Ìdí ìkarahun yẹn, wọ́n máa ń gé e kí atẹ́gùn lè gba ibẹ̀ kọjá, kí ẹran inú rẹ̀ lè yọ tí a bá fà á. Ọmọdé tó bá dàgbà ní Port Harcourt mọ̀ ọ́n. Ìyàwó ilé kejì ni ó wá gbà mí. Ó kó gbogbo rẹ̀ jáde nínú ọbẹ̀, ó jókòó tì mí, ó ń gé e lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń rẹ́rìn-ín, èmi ń sunkún. Ó ní, "I wan tell you since. You turn back give me."

Mo kẹ́kọ̀ọ́ yẹn, mo sì rò pé mo ti mọ̀ ọ́n tán. Wò ó, lẹ́yìn gbogbo ọdún yìí, ìwọ wà ní ọjà pẹ̀lú fóònù lọ́wọ́ rẹ, n kò pè ọ́ kí n ní, "Rẹ́ni, kí ni nǹkan tó wà lára ẹja yìí?" Ìbéèrè kan ṣoṣo. Ó yẹ kí n bi ọ́. Níbi iṣẹ́ rẹ yẹn, tí o bá dé bá nǹkan tí kò yé ọ nínú ìkòkò ẹlòmíràn, bi í. Kódà kó jẹ́ pé ọmọ tó kéré sí ọ ló gbé e kalẹ̀.

Èkejì, ó sì kan ìwọ náà, má rò pé èmi nìkan ni mo jẹ̀bi. Tí o bá fi nǹkan tó ń rùn sínú fíríìjì ẹlòmíràn, sọ fún un! O ti ilẹ̀kùn, o ṣe é, o bò ó, o lọ sùn. Báwo ni mo ṣe fẹ́ mọ̀? Tí o bá ti sọ pé, "Mọ́mì, sóyà tí wọ́n sè tí wọ́n jẹ́ kó kan ni, bí ẹ ṣe ń ṣe irú," ó tán. Mo ti mọ irú kí n tó mọ orúkọ ara mi. Ì bá ti yé mi. Ìgbà tí bàbá rẹ fi fóònù rẹ̀ wá a, tó kà á sí mi létí pé ọ̀nà kan náà ni, mo jókòó. Irú! Èmi ọmọ Ìkàrẹ́, mo gbóòórùn àbúrò irú, mo sì pè é ní ìdíbàjẹ́. Ojú tì mí. Ṣùgbọ́n sọ fún ènìyàn, Rẹ́ni. Má máa fi ilẹ̀kùn dá wa lóhùn.

Ẹ̀kẹta. Èyí, n kò mọ̀ bóyá ìmọ̀ràn ni, nítorí ọwọ́ rẹ ni mo ti kọ́ ọ. Lẹ́yìn tí o dìde nílẹ̀, o mú fóònù. Mo dì ọ́ lọ́wọ́ mú. Mo ní, "Sọ fún un pé iná ló bà á jẹ́. Ta ni kò mọ iná wa? Kò ní bínú." Mo rò pé ọgbọ́n ni mo ń kọ́ ọ. O yọ ọwọ́ rẹ jẹ́jẹ́. O ní, "Mọ́mì, tí mo bá parọ́ lónìí, irọ́ ni mo máa máa sè níbẹ̀ lójoojúmọ́." O sì pè é. Mo dúró nídìí rẹ, mo ń gbọ́ ohùn Madam nínú fóònù.

O ní, "Ẹja tí ẹ fún mi, wọ́n ti dín in nílé wa, mà. Kò sí lára mísò mọ́. Ẹ má bínú."

Madam ní, "Ta ló dín in?"

Mo di ojú mi. Mo ní ó ti tán, wàá dárúkọ mi fún obìnrin yẹn.

O ní, "Ọ̀dọ̀ mi ni ẹja wà, mà. Ẹ̀bi mi ni."

Madam ní òun kò ní ẹja méjì láti fi ṣeré. Ó ní kí o wá ọ̀nà ra tìrẹ, kí o gbé e wá lọ́jọ́ Túsìdeè, pé lẹ́yìn ìyẹn òun ti ilẹ̀kùn. O dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ bí ẹni tí wọ́n fún ní ẹ̀bùn.

O bo àṣírí mi. Lójú mi. Èmi tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bú ọ ní aláìmoore. Láti ọjọ́ náà, mo máa ń gbálẹ̀, màá dá dúró pẹ̀lú ìgbálẹ̀ lọ́wọ́, màá ní, "Ẹ̀bi mi ni, mà." Ta ló kọ́ ọ? Kì í ṣe èmi. Nítorí náà ìmọ̀ràn mi nìyí: bí o ṣe wà yẹn, wà bẹ́ẹ̀. Tí wọ́n bá ní kí o parọ́ fún oníbàárà pé ẹja àná jẹ́ ti òní, rántí ọjọ́ tí ìyá rẹ fẹ́ kọ́ ọ ní irọ́ tí o kò gbà.

Ẹ̀kẹrin kọ́ lèyí. Mo kàn fẹ́ sọ ọ́ ni. Ẹja kejì tí o rà, o kò gbé e wá sílé. O gbé e lọ sí ọ̀dọ̀ ọ̀rẹ́ rẹ ní Rumuolumeni. Fíríìjì àwọn ọmọ ilé ìwé, tí ilẹ̀kùn rẹ̀ kò pa dé dáadáa, ibẹ̀ ni o rò pé ẹja rẹ á ti sùn ní àlàáfíà ju ilé ìyá rẹ lọ. Nígbà tí Túsìdeè dé tí o wọlé, ibẹ̀ náà lo kó ẹrù lọ. O ní ó sún mọ́ ibi iṣẹ́. Rẹ́ni, mo mọ ọ̀nà ìlú yìí. Kò sún mọ́ ọn ju ilé lọ.

N kò bínú. Irọ́ ni, mo bínú. Mo bínú, mo sì tún mọ̀ pé o ṣe ohun tó tọ́. Méjèèjì ń bá ara wọn jà nínú mi, wọn kò jẹ́ kí n jẹun.

Mo wá ṣe nǹkan kan. Má pariwo.

Lọ́jọ́ ọjà, mo lọ bá obìnrin ẹlẹ́ja tútù tó wà nítòsí ibùdókọ̀, Mama Ebere, ẹni tó máa ń fún ọ ní orí ẹja lọ́fẹ̀ẹ́ nígbà tí o kéré. Mo ní mo fẹ́ sámọ́nì. Ó sọ ọ̀bẹ kalẹ̀.

"Mama Rẹ́ni! You say wetin? Who die leave property for you?"

Mo ní kó bá mi wá a. Ó ní òun kì í tà á, ṣùgbọ́n òun mọ ẹni tó ń tà á. Ó bi mí pé kí ni mo fẹ́ fi ṣe. Mo ní mo fẹ́ sè é bí àwọn ará Jàpáànù. Ó pe gbogbo ẹni tó wà ní ìsọ̀ rẹ̀: "Una come o! Yoruba woman don turn Japan!" Wọ́n fi mí ṣẹ̀sín títí. Mo dúró níbẹ̀, mo gbà á. Ó bá mi rí i, ó gé e sí ọ̀nà méjì.

Mo mú ike mísò rẹ tó kù nínú fíríìjì. Bàbá rẹ gbé fóònù dúró, ó ń ka fídíò sí mi létí bí ẹni tó ń ka ẹ̀sùn níwájú adájọ́. Mísò, oyin díẹ̀, ata ilẹ̀ tí a gún, omi sóyà dúdú. Ó ní kí n fi pa ẹja lára. Mo fi pa á. Ó ní kí n fi í sílẹ̀ mọ́jú. Ọmọ mi, mo gbọ́ òórùn yẹn nínú fíríìjì lówùúrọ̀, mo kọjá. Mo tún padà. Mo tún kọjá. Bàbá rẹ ní, "Ìyá Rẹ́ni, jókòó."

Nígbà tó yá, mo fi tíṣù nu èyí tó pọ̀ jù kúrò, ṣùgbọ́n n kò fọ̀ ọ́. Kọ ọ́ sílẹ̀ pé n kò fọ̀ ọ́. Mo fi òróró díẹ̀ sínú páànù, mo fi ẹ̀gbẹ́ awọ rẹ̀ lélẹ̀. Mísò yẹn fẹ́ jóná kíá nítorí oyin, mo rẹ iná sílẹ̀. Awọ rẹ̀ gbẹ, ó ń dún wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Mo yí i padà. Bàbá rẹ ní fídíò ní kí n sọ ọ́ kalẹ̀ báyìí. Mo ní, "Báyìí wo? Kò tíì ṣe nǹkan kan!" Ó ní ohun tí wọ́n sọ nìyẹn. Láyé mi, n kò tíì gbé ẹja tó ṣì rọ̀ nínú kúrò lórí iná rí. Mo gbé e kúrò.

Mo fi síbì gé e. Inú rẹ̀ pọ́n, ó ń dán. Bàbá rẹ wò ó, ó ní, "Ẹja yìí ṣì lè dáhùn tí a bá pe orúkọ rẹ̀." Mo ní kó dákẹ́. Mo di ojú, mo fi sẹ́nu.

Mo la ojú.

N kò mọ bí màá ṣe kọ ọ́. Kò sí ohun tí mo rún lẹ́nu. Ó yọ́ lọ ni. Iyọ̀ rẹ̀ wà, dídùn rẹ̀ wà, ìjìnlẹ̀ bíi ti irú wà nísàlẹ̀, ata ilẹ̀ ta mí díẹ̀ lẹ́yìn ọ̀fun. Bàbá rẹ jẹ tirẹ̀, ó fi ìrẹsì nu àwo. Mo jókòó, omi ń bọ́ lójú mi. Mo ní, ohun tí ọmọ yìí fẹ́ fún wa jẹ nìyí. Ohun tí mo fọ̀ dànù nìyí. Rẹ́nikẹ́, n kò mọ̀. N kò mọ̀ pé ó dùn báyìí. Mo dín gbogbo ẹja ayé mi gbẹ, mo rò pé bí ẹja ṣe rí nìyẹn.

Ìmọ̀ràn tó kẹ́yìn, tàbí ẹ̀karùn-ún, mi ò mọ̀ mọ́. Má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọ iṣẹ́ rẹ títí kò fi ní jẹ́ tìrẹ mọ́. Kì í ṣe Madam, kì í ṣe ọkọ tó bá fẹ́ ọ lọ́la, kì í ṣe èmi. Tí ẹ̀rù bá ń bà mí lórí rẹ, ìyẹn tèmi ni, kì í ṣe ìdọ̀tí lára rẹ. Mo ti máa ń rò pé ìdọ̀tí ni. Wọ bàtà tó bo ẹsẹ̀ tí o bá wà nídìí iná. Di irun rẹ. Jẹun kí o tó sè fún ẹlòmíràn. Má sì jẹ́ kí ọmọ tìrẹ rò pé o fẹ́ràn àwo tó mọ́ ju òun lọ.

Ìlàjì kejì ẹja tí mo rà wà nínú fíríìjì nísinsìnyí. Mo fi mísò pa á lára lánàá, mo bò ó. Tìrẹ ni. Mo fẹ́ kí o wá sè é nínú kíṣìnì mi, kí o ṣí ilẹ̀kùn sílẹ̀, kí n jókòó sórí àpótí yẹn kí n máa wò ọ́. N kò ní sọ̀rọ̀. Màá gbìyànjú.

Bàbá rẹ ti wọ bàtà, ó dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó ní kí n ká ìwé yìí kí òun gbé e wá bá ọ ní Mgbuoba kí o tó ṣíwọ́.

Háà, Rẹ́ni. Wọ́n ti mú iná lọ. Báyìí báyìí, bí mo ṣe ń kọ ọ́. Fíríìjì ti dákẹ́. Mo jókòó sí ibi tí mo ti ń wo ilẹ̀kùn rẹ̀. Iyọ̀ wà lórí tábìlì. Ọsàn wẹ́wẹ́ wà nínú abọ́. Ó dà bíi pé mo ti ń gbọ́ òórùn yẹn, àbí ọkàn mi ni. Bíró ni mo dì mú, kí n má bàa di nǹkan mìíràn mú.

Má pẹ́. Wá ṣí i fúnra rẹ.

Èmi ni,
Mọ́mì rẹ, tí kò tíì fọwọ́ kàn án.